Àfòpiná Alágbárí, Arìnrìn-àjò Òru



Kòkòrò kan ṣoṣo ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí lónìí. Orúkọ rẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ni Acherontia atropos. Èmi yóò máa pè é ní àfòpiná alágbárí, nítorí àmì kan tó wà lẹ́yìn rẹ̀ tó jọ agbárí òkú. Ó ti pẹ́ gan-an tí àwọn ará Yúróòpù ti ń bẹ̀rù rẹ̀. Wọ́n ní ikú ló ń bá a rìn. Èmi wá sọ fún yín pé ẹ̀rù yẹn kò tọ́ sí i rárá. Ẹni tó bá tẹ̀lé ìgbésí ayé rẹ̀ láti inú ẹyin títí dé ojú ọ̀run yóò bá ẹ̀dá kan pàdé tó fúyẹ́, síbẹ̀ tó ń fò láti Áfíríkà kọjá òkun dé Yúróòpù, tí ọmọ rẹ̀ sì tún ń kọrí sí gúúsù padà nígbà tí òtútù bá fẹ́ dé.

Kì í ṣe àjèjì sí wa o. Ilẹ̀ Áfíríkà tó wà ní ìsàlẹ̀ aṣálẹ̀ Sàhárà ni orísun rẹ̀, Nàìjíríà náà wà nínú ilẹ̀ tó ti ń gbé. Àlejò ló jẹ́ ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀ Yúróòpù, ọmọ onílé ló jẹ́ lọ́dọ̀ wa. Ṣùgbọ́n àwọn ará Yúróòpù ló fara balẹ̀ wò ó, tí wọ́n wọn ìyẹ́ rẹ̀, tí wọ́n gbọ́ ohùn rẹ̀, tí wọ́n tẹ̀lé e lóru. Nítorí náà ọ̀dọ̀ wọn ni púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ mi yóò ti wá.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wò ó dáadáa. Bó bá na apá rẹ̀ méjèèjì, láti ṣóńṣó ọ̀kan dé ṣóńṣó èkejì a máa tó sẹ̀ǹtímítà 9 sí 13. Ní ilẹ̀ Britain, kò sí àfòpiná mìíràn tí apá rẹ̀ fẹ̀ tó tirẹ̀. Apá iwájú rẹ̀ dúdú ràkọ̀, ó ní àwọ̀ eèpo igi gbígbẹ, ìlà wínníwínní sì fà kiri lára rẹ̀, àwọn mìíràn àwọ̀ ìyeyè, àwọn mìíràn funfun díẹ̀, pẹ̀lú tóóró funfun kan láàárín apá kọ̀ọ̀kan. Lọ́sàn-án, bó bá bà mọ́ ara igi tàbí ògiri tó ti gbó, tó fi apá iwájú bo ara rẹ̀, ẹni tó ń wá a gan-an lè gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá láìrí i. Àfi tí nǹkan bá fọwọ́ kàn án. Ìgbà yẹn ni yóò ya apá iwájú sọ́tọ̀, tí apá ẹ̀yìn yóò yọ lójijì: àwọ̀ ìyeyè tó tàn yòò, tí ìlà dúdú méjì gba inú rẹ̀ kọjá. Ikùn rẹ̀ náà jẹ́ àwọ̀ ìyeyè, ọ̀já dúdú sì pín in láti òkè dé ìdí, pẹ̀lú ìlà aláwọ̀ aró tó gba àárín ẹ̀yìn rẹ̀ lọ gbọọrọ. Ẹyẹ tó fẹ́ fi í jẹun lè tìtorí àwọ̀ yìí ta gìrì, kí àfòpiná náà fi rí àyè fò lọ.

Àmì tó sọ ọ́ di ẹlẹ́rù wà lókè ẹ̀yìn rẹ̀, láàárín ibi tí apá méjèèjì ti yọ. Irun lásán ni. Irun àwọ̀ ìyeyè tó ràkọ̀ ló tẹ́ síbẹ̀, ó fẹ̀ lókè, ó tín-ín-rín nísàlẹ̀. Irun dúdú sì kóra jọ sí ọ̀nà méjì láàárín rẹ̀, ó rí róbótó róbótó. Ojú ènìyàn kì í rí ihò dúdú méjì lórí nǹkan róbótó kó má kà á sí ojú. Ọpọlọ wa ló ń parí iṣẹ́ tí irun náà bẹ̀rẹ̀. Kì í tilẹ̀ rí bákan náà lára gbogbo wọn: lára òmíràn agbárí náà hàn gedegbe, lára òmíràn ó ṣú débi pé ẹni tí a kò bá tì lọ́wọ́ kò ní rí i.

Yorùbá ní orúkọ ń roni, ó sì ro kòkòrò yìí gan-an. Carl Linnaeus, ará Sweden, ló sọ ọ́ ní atropos ní 1758. Nínú ìtàn àwọn Gíríìkì àtijọ́, Atropos jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn obìnrin mẹ́ta tó ń ṣàkóso kádàrá ẹ̀dá, òun ló ń gé òwú ẹ̀mí ènìyàn nígbà tí ọjọ́ bá pé. Acherontia, tí àwọn tó dé lẹ́yìn fi kún un, wá láti ara Acheron, odò kan ní ilẹ̀ àwọn òkú. Àwọn ìbátan rẹ̀ méjì tó wà ní Éṣíà, wọ́n sọ ọ̀kan ní styx, wọ́n sọ èkejì ní lachesis, inú ìtàn ikú kan náà ni wọ́n ti mú un. Kí ẹnikẹ́ni tó béèrè ohun tí kòkòrò náà ń jẹ, wọ́n ti dájọ́ fún un.

Onímọ̀ ilẹ̀ Faransé kan, Réaumur, kọ ọ́ sílẹ̀ ní ọ̀rúndún kejìdínlógún pé ìdágìrì a máa bá àwọn ará Brittany nígbà tí àfòpiná yìí bá yọ sí wọn. Ní 1851, William Holman Hunt, ayàwòrán ará Ìlú Gẹ̀ẹ́sì, ya darandaran kan tó mú un lọ́wọ́ tó ń fi han ọmọbìnrin kan, nígbà tí àwọn àgùntàn tó yẹ kó máa dá ń ṣìnà lẹ́yìn rẹ̀. Ní 1991 ni sinimá The Silence of the Lambs jáde, tí wọ́n lẹ àfòpiná yìí mọ́ ẹnu obìnrin lórí ìwé ìpolówó rẹ̀. Láti ìgbà náà, ọ̀pọ̀ ènìyàn tí kò rí i lójúkojú rí ló ti mọ̀ ọ́n ní ẹlẹgbẹ́ apànìyàn. Ó dùn mí, nítorí kòkòrò yìí kì í ta ènìyàn, kò ní oró, kì í gbé àrùn wọ̀lú. Ẹ̀ṣẹ̀ kan ṣoṣo tí mo mọ̀ sí i lọ́rùn ni olè oyin, a ó sì dé ibẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti inú ẹyin. Abo rẹ̀ a máa yé lọ́kọ̀ọ̀kan, sí abẹ́ ewé tó ti gbó. Ẹyin náà fẹ̀ tó mìlímítà kan àtààbọ̀, àwọ̀ rẹ̀ wà láàárín àwọ̀ ewé àti àwọ̀ eérú. Ní Yúróòpù, ewé tó sábà máa ń yé sí jù ni ti ànàmọ́ òyìnbó, èyí tí àwọn ọlọ́jà wa ń pè ní Áíríìṣì. Ìdílé kan náà ni ànàmọ́ yìí àti odù, ikàn, tòmáàtì àti tábà ti wá, inú ìdílé náà sì ni kòkòrò yìí ti ń wá oúnjẹ jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé a ti bá a lórí igi ólífì àti lórí àwọn òdòdó ọgbà. Ẹ kíyè sí nǹkan kan níbẹ̀. Ànàmọ́ òyìnbó kì í ṣe ọmọ Yúróòpù, òkè ńlá Gúúsù Amẹ́ríkà ni wọ́n ti kó o wá ní ọ̀rúndún kẹrìndínlógún. Àfòpiná láti Áfíríkà ń jẹ ewéko láti Amẹ́ríkà lórí oko àgbẹ̀ Jámánì. Kí ànàmọ́ tó dé ọ̀hún, odù àti àwọn ìbátan rẹ̀ tó ń hù fúnra wọn lẹ́bàá ọ̀nà ló ń jẹ.

Ẹyin náà a máa pa láàárín ọ̀sẹ̀ kan sí méjì, bí ooru bá ti tó. Kòkòrò ajẹwé tó jáde kéré, àwọ̀ ewé tó ṣì tutù ló ní, ṣùgbọ́n ìwo kan wà ní ìdí rẹ̀ tó gùn ju bó ti yẹ kí ara kékeré bẹ́ẹ̀ gbé lọ. Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni yóò bọ́ awọ bó ti ń dàgbà. Kó tó jẹun tán, ó ti gùn tó sẹ̀ǹtímítà 12 tàbí 13, ó sì ki ju ìka ọwọ́ àgbàlagbà lọ. Ẹwà rẹ̀ ní ìgbà yìí ju ohun tí mo lè fi ẹnu sọ tán. Ọ̀pọ̀ wọn jẹ́ àwọ̀ ìyeyè, àwọn kan jẹ́ àwọ̀ ewé, àwọn díẹ̀ sì dúdú mọ́ eérú tí ọrùn wọn funfun. Lára àwọn aláwọ̀ ìyeyè, ìlà gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ aláwọ̀ aró gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá láti ìsàlẹ̀ lọ sókè sẹ́yìn, àmì kéékèèké dúdú sì fọ́n sí ẹ̀yìn rẹ̀. Ìwo ìdí rẹ̀ ti kúrú ní ìwọ̀n ara rẹ̀ báyìí, ó tẹ̀ kọdọrọ, ó sì rí ṣákiṣàki.

Kì í rìn púpọ̀. Ibi tó bá ti jẹ ewé kan tán ni yóò ti sún sí òmíràn. Bí ènìyàn bá fọwọ́ kàn án, yóò fa orí sẹ́yìn, yóò máa fi eyín rẹ̀ lu ara wọn, ohùn náà a máa dún ṣá, ṣá, ṣá létí ẹni tó bá sún mọ́ ọn. Bí ẹni náà kò bá lọ, ó lè gé e jẹ, ṣùgbọ́n ìgéjẹ náà kò lè ṣe ènìyàn ní ohunkóhun.

Lẹ́yìn bí oṣù kan, ara rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í yí padà. Oúnjẹ á kúrò lọ́kàn rẹ̀, àwọ̀ rẹ̀ á ràkọ̀. Yóò wá ṣe ohun kan tó yà mí lẹ́nu nígbà tí mo kọ́kọ́ kà nípa rẹ̀: yóò yí orí padà, yóò máa fi omi ẹnu rẹ̀ pa ara láti òkè dé ilẹ̀, bí ẹni ń fi òrí para kó tó jáde nínú ọyẹ́. Lẹ́yìn náà ni yóò sọ̀ kalẹ̀, yóò fi orí gbẹ́lẹ̀ wọlé. Ó lè lọ jìn tó sẹ̀ǹtímítà 15, ó lè dé 40. Níbẹ̀ ni yóò ti fi ara ti iyẹ̀pẹ̀ sẹ́yìn títí yóò fi rí yàrá kan tí ògiri rẹ̀ dán. Kò ní ran òwú yí ara rẹ̀ ká bí kòkòrò tó ń ṣẹ̀dá sílíìkì ti máa ń ṣe. Inú yàrá iyẹ̀pẹ̀ yẹn ni yóò ti bọ́ awọ ìkẹyìn, ohun tó bá ṣẹ́ kù á sì di ìkarahun kan tó gùn tó sẹ̀ǹtímítà méje tàbí mẹ́jọ, tó pọ́n rẹ́súrẹ́sú, tó ń dán.

Mo dárúkọ òwú, ó sì yẹ kí n fi gbólóhùn kan kún un kí a tó kọjá. Àfòpiná kì í ṣe àjèjì sí àpótí aṣọ Yorùbá. Sányán tí àwọn baba wa ń wọ̀ lọ sí òde ńlá, àfòpiná inú igbó tí wọ́n ń pè ní Anaphe ló ran òwú rẹ̀. Kòkòrò wọn a máa gbé pọ̀ nínú ìtẹ́ kan, àwọn ènìyàn a wá ìtẹ́ náà rí lórí igi, wọn a sè é, wọn a ran án, kí ó tó dé orí òfì. Nítorí náà, nígbà tí mo bá ń bẹ̀bẹ̀ fún àfòpiná kan, ẹ̀dá tí a ti jẹ lóore rí ni mo ń bẹ̀bẹ̀ fún.

Nínú ìkarahun lábẹ́ ilẹ̀, gbogbo ara kòkòrò náà yóò tún ara wọn tò. Bí ilẹ̀ bá gbóná, ọ̀sẹ̀ mélòó kan ti tó. Yóò jáde lóru, yóò gun koríko tàbí ògiri, apá rẹ̀ yóò kọ́kọ́ rọ̀, yóò rún, yóò sì ní láti rọ̀ sílẹ̀ kí omi ara lè ráyè ṣàn wọ inú iṣan wọn títí wọn yóò fi gùn tán tí wọn yóò sì gbẹ. Ṣùgbọ́n bí ilẹ̀ bá tutù ńkọ́? Níbẹ̀ ni ìṣòro rẹ̀ wà ní àríwá Yúróòpù. Òtútù ìgbà yìnyín a máa wọlẹ̀ bá a. Àwọn tí kò bá tètè jáde kí òtútù tó dé, inú ilẹ̀ ni púpọ̀ wọn ń kú sí. Ìdí nìyí tí kò fi lè fìdí múlẹ̀ ní Jámánì tàbí ní Britain. Àfi kí àwọn mìíràn ti gúúsù wá ní ọdún tó ń bọ̀.

Ẹ jẹ́ ká wá sórí ohùn rẹ̀, nítorí èyí ni mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí. Bí ẹ bá di àfòpiná alágbárí mú, yóò ké. Mo ní yóò ké. Ohùn rẹ̀ tín-ín-rín, ó dún fín-ín bíi ti eku. Àfòpiná kì í ní ohùn báyìí. Àwọn kòkòrò mìíràn tó ń dún, apá tàbí ẹsẹ̀ ni wọ́n sábà ń fi gbo ara wọn. Èyí ń lo ọ̀nà ọ̀fun. Ní 2015, Gunnar Brehm ti Yunifásítì Jena ní Jámánì àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ ìwádìí jáde tó ṣàlàyé bó ṣe ń ṣe é. Àyè kan wà nínú orí rẹ̀ tó ṣófo bí àpò, ìdérí kékeré kan sì wà lẹ́nu àpò náà. Bó bá fa afẹ́fẹ́ wọlé láti ọ̀pá ẹnu rẹ̀, ìdérí náà a máa gbọ̀n, ohùn á sì jáde ní kíkẹ́-kíkẹ́ léraléra. Bó bá wá tú afẹ́fẹ́ náà jáde, ìdérí á ṣí sílẹ̀, ohùn kejì á dún bíi súfèé kúkúrú. Ó ń ṣe èyí lọ́pọ̀ ìgbà láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, débi pé etí wa ń gbọ́ ọ bí igbe kan ṣoṣo. Àwọn olùwádìí náà gbà pé fún ìdáàbòbò ara rẹ̀ ni, kí adìgbòlù lè fi í sílẹ̀.

Àwọn kan ti rò tẹ́lẹ̀ pé oyin ló ń ké sí, pé igbe náà jọ ohùn ayaba oyin, pé ó ń fi í rọ àwọn òṣìṣẹ́ inú ilé oyin lọ́kàn. Èrò tó dùn létí ni, ṣùgbọ́n ẹ̀rí rẹ̀ kò dúró. Ohun tó dá wa lójú nípa òun àti oyin tilẹ̀ ya ni lẹ́nu ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ọ̀pọ̀ àfòpiná tó jẹ́ ẹbí rẹ̀ ní ọ̀pá ẹnu gígùn, wọ́n ń dúró lójú òfurufú níwájú òdòdó, wọ́n á nà án wọnú òdòdó, wọ́n á fa omi dídùn. Tirẹ̀ kúrú, ó ki, ṣóńṣó rẹ̀ sì mú. Kò wúlò púpọ̀ fún òdòdó tó jìn. Ó wúlò fún èso tó ti ń rà, fún oje tó ń ṣàn lára igi, ó sì wúlò gan-an fún dídá ihò lu ìda tí oyin fi dí afárá. Ilé oyin ló ń wọ̀ lóru. Ẹ fojú inú wo ibẹ̀: òkùnkùn biribiri, ẹgbẹẹgbẹ̀rún oyin tí oró wà ní ìdí wọn, ẹ̀dá kan tó tóbi jù wọ́n lọ ní ìlọ́po-ìlọ́po sì ń rìn láàárín wọn lórí afárá, ó ń gún ìda, ó ń mu. Kí ló dé tí wọn kò fi pa á lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀? Awọ rẹ̀ yi, oró oyin kò sì tètè mú un. Ṣùgbọ́n ìdáhùn tó ga jù ni ti òórùn. Ní 1991, Robin Moritz àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi hàn pé ọ̀rá mẹ́rin kan wà lára àfòpiná yìí, pé àwọn mẹ́rin náà ló wà lára oyin, ìwọ̀n wọn sì bára mu. Nínú òkùnkùn ilé oyin, imú ni ojú. Oyin tó bá fọwọ́ kan àlejò náà, òórùn ara ilé ló ń gbọ́.

Kì í ṣe gbogbo ìgbà ló ń yọ o. Àwọn olùsìn oyin ti bá òkú rẹ̀ nínú ilé oyin rí, tí àwọn oyin fi oje igi bò ó látòkè délẹ̀ nítorí ó tóbi ju ohun tí wọ́n lè gbé síta, kó má baà rà mọ́ wọn lọ́rùn. Ìtàn kan sì wà tí mi ò lè fò dá. François Huber, ará Geneva ní Switzerland, ni ọ̀kan nínú àwọn tó mọ oyin jù lọ láyé nígbà tirẹ̀. Afọ́jú ni. Ojú rẹ̀ ti fọ́ láti ìgbà ọ̀dọ́, ojú àwọn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ló fi ń wo oyin, ìbéèrè tirẹ̀ ló ń darí ojú wọn. Ní 1804, oyin ń pòórá nínú àwọn ilé oyin agbègbè rẹ̀, àṣírí sì tú pé àfòpiná alágbárí ló ń jí i. Kí ẹnikẹ́ni tó dá ọgbọ́n kankan, Huber rí i pé àwọn oyin kan ti fi ìda àti oje igi mọ ògiri sí ẹnu ọ̀nà ara wọn, wọ́n fi ihò kéékèèké sílẹ̀ tí oyin lè gbà, tí àfòpiná kò lè gbà. Nígbà tí òdòdó dé, tí iṣẹ́ pọ̀, tí ihò náà kò gba èrò mọ́, wọ́n wó ògiri náà. Ní ọdún mìíràn tí àfòpiná tún pọ̀, wọ́n tún un mọ. Huber fi í sínú ìwé tó tẹ̀ jáde ní 1814. Mo ti ka ọ̀pọ̀ ohun nípa kòkòrò, kò sí èyí tó tíì mú mi bọ̀wọ̀ fún oyin tó èyí.

Ó wá ku ìrìn-àjò. Bí ooru bá bẹ̀rẹ̀ sí í dé sí Yúróòpù, bí oṣù karùn-ún sí oṣù kẹfà, àwọn àfòpiná wọ̀nyí a máa fò láti Áfíríkà kọjá Òkun Mẹditaréníà. Àwọn kan a dúró ní gúúsù Sípéènì àti Ítálì, àwọn kan a kọjá òkè Alps, àwọn kan á dé Skọ́tláńdì. Wọ́n á yé ẹyin, wọ́n á kú. Àwọn ọmọ wọn ni yóò jẹ ewé ànàmọ́ ní àárín ìgbà ooru, tí yóò wọlẹ̀, tí yóò jáde nígbà tí ewé bá bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n. Ọmọ yìí kò mọ Áfíríkà. Kò sí òbí tó lè fi ọ̀nà hàn án, nítorí àwọn òbí rẹ̀ ti kú kí ó tó jáde nínú ilẹ̀. Síbẹ̀ gúúsù ló ń kọrí sí.

Ní 2022, ìwé ìròyìn Science tẹ iṣẹ́ kan jáde láti ọwọ́ Myles Menz, Martin Wikelski àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn ní iléeṣẹ́ ìwádìí Max Planck tó wà ní Konstanz, Jámánì. Wọ́n tọ́ àfòpiná alágbárí dàgbà, wọ́n lẹ ẹ̀rọ atàtagbà tí kò wúwo ju gíráàmù 0.2 lọ mọ́ mẹ́rìnlá lára wọn, wọ́n tú wọn sílẹ̀ lóru. Wikelski fúnra rẹ̀ ló wa ọkọ̀ òfurufú kékeré tẹ̀lé wọn nínú òkùnkùn, tó ń gbọ́ ìró ẹ̀rọ náà. Wọ́n tẹ̀lé wọn dé bíi 80 kìlómítà, fún wákàtí bíi mẹ́rin, sí ọ̀nà òkè Alps. Títí di ìgbà náà, kò sí kòkòrò tí ẹnikẹ́ni tẹ̀lé jìnnà tó bẹ́ẹ̀ ní ìgbẹ́ láìjá kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ti rò pé afẹ́fẹ́ ló ń gbé kòkòrò kiri, pé ibi tó bá gbé wọn sí ni wọ́n ń bà sí. Ohun tí wọ́n rí yàtọ̀. Ọ̀nà tí àfòpiná kọ̀ọ̀kan gbà tọ́ gbọọrọ. Bí afẹ́fẹ́ bá ń ti ẹ̀yìn rẹ̀ wá, yóò fò sókè, yóò jẹ́ kó bá òun gbé ara. Bí afẹ́fẹ́ bá ń bọ̀ níwájú, yóò sọ̀ kalẹ̀ sún mọ́ ilẹ̀ níbi tí agbára rẹ̀ ti dín kù, yóò sì fi kún eré. Bí afẹ́fẹ́ bá gbá a lẹ́gbẹ̀ẹ́, yóò yí orí díẹ̀ láti fi dọ́gba, kó má baà ṣìnà. Àwọn olùwádìí náà gbà pé ó ní kọ́ńpáàsì nínú ara, pé ohun tó ń rí àti agbára òòfà inú ayé ló ṣeé ṣe kó máa lò pọ̀. Orí tí gbogbo èyí wà nínú rẹ̀ kò tó èékánná ọwọ́ mi.

Àfòpiná tó fẹ́ pa fìtílà, ara rẹ̀ ni yóò pa: báyìí ni àwa ń wí, a sì ti sọ gbogbo àfòpiná di òmùgọ̀ nítorí iná. Iná tí a ń tàn lóru ló ń dà wọ́n láàmú. Ní òkùnkùn tí Ọlọ́run dá, òmùgọ̀ kọ́ ni wọ́n.

Ewu tó dojú kọ ọ́ kì í ṣe ti òtútù nìkan mọ́. Nígbà tí àwọn àgbẹ̀ Yúróòpù ṣì ń fi ọwọ́ wú ànàmọ́, ìkarahun rẹ̀ a máa hú jáde pẹ̀lú ànàmọ́ náà, bí àwọn tó fẹ́ràn kòkòrò ṣe ń rí i gbà nìyẹn. Nísinsìnyí, ẹ̀rọ ló ń wú ànàmọ́, ó sì ń tẹ ohun tó wà nílẹ̀ fọ́. Oògùn apakòkòrò tí wọ́n ń fọ́n sí ewé kì í ya kòkòrò tó ń ba oko jẹ́ gan-an sọ́tọ̀ kúrò lára arìnrìn-àjò yìí. Ó bí mi nínú, nítorí abo rẹ̀ kì í da ẹyin jọ sójú kan. Ọ̀kan níhìn-ín, ọ̀kan lọ́hùn-ún. Kò lè jẹ oko kan run.

Oògùn kan náà ni àwa náà ń fọ́n sí tòmáàtì àti ikàn. Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ ní ọgbà lẹ́yìn ilé, ẹ̀yin tí ẹ lóko, èyí ni mo wá bẹ̀ yín. Bí ẹ bá rí kòkòrò ńlá tó ní ìwo ní ìdí, ẹ wò ó kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́. Èyí tó sábà máa ń wà lórí ewé ànàmọ́ tiwa, ìbátan rẹ̀ ni, ìwo tirẹ̀ dán, ó sì rọra tẹ̀ sẹ́yìn. Bó bá jẹ́ orí ikàn tàbí odù lẹ ti bá a, tí ìwo rẹ̀ rí ṣákiṣàki tó sì tẹ̀ kọdọrọ, tí ìlà aláwọ̀ aró gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, àfòpiná alágbárí ni. Ẹ fi fóònù yà á, ẹ kọ ọjọ́ àti orúkọ ìlú yín sí i àti irú ewé tó ń jẹ, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ nípa kòkòrò ní yunifásítì tó bá sún mọ́ yín. Àkọsílẹ̀ irú èyí ṣọ̀wọ́n lọ́dọ̀ wa, ó sì pọ̀ lọ́dọ̀ àwọn tó jẹ́ pé àlejò lásán ni kòkòrò náà jẹ́ fún. Bí ikàn yín bá sì ṣe yín láàánú, ẹ gé ẹ̀ka tó wà lórí rẹ̀, ẹ gbé e lọ sórí odù tó hù lẹ́bàá ọgbà. Ewé odù á tó o jẹ títí yóò fi wọlẹ̀.